Fẹlá Ṣówándé àti Iṣẹ́ Orin Inú Sinimá

Bí a bá dárúkọ Fẹlá Ṣówándé (1905–1987) fún akẹ́kọ̀ọ́, dùùrù ilé ìjọsìn ni ọkàn rẹ̀ máa ń lọ sí. Kò burú; ẹni tí Ekúndayọ̀ Phillips kọ́ ní Èkó mọ dùùrù í tẹ̀. Ṣùgbọ́n a kì í sábà kọbi ara sí iṣẹ́ tí ó ṣe ní Lọ́ńdọ̀nù nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, nígbà tí ó jẹ́ olùdámọ̀ràn nípa orin fún Colonial Film Unit, ẹ̀ka tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì dá sílẹ̀ ní 1939 láti máa ṣe sinimá fún àwọn ará Áfíríkà.

Èrò àwọn ọ̀gá ẹ̀ka náà ni pé ará Áfíríkà tí kò mọ̀wé kò lè tètè lóye àwòrán tí ń yára. Wọn a fa ìtàn gùn, wọn a gé e wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́ bí ẹni ń bọ́ ọmọdé. Abẹ́ irú èrò bẹ́ẹ̀ ni Ṣówándé ti ṣiṣẹ́. Ẹ wá wo African Suite tí ó kọ ní 1944 fún àwọn ohun èlò olókùn. Ó mú orin Ephraim Amu ará Gánà, ó mú orin háíláìfù, kò sì bu ọ̀kankan kù nítorí olùgbọ́. Lójú tèmi, èsì ni iṣẹ́ yìí jẹ́ sí ìfojú-tín-ín-rín náà, ìbáà jẹ́ pé òǹkọrin pète rẹ̀ tàbí kò pète rẹ̀.

“Akinla”, tí ó kádìí iṣẹ́ náà, ni wọ́n fi ṣe orin ìdánimọ̀ Gilmour’s Albums lórí rédíò Kánádà, ètò tí ó wà láti 1956 títí di 1997. Ó ṣeé ṣe kí ọ̀pọ̀ ará ibẹ̀ mọ̀ ọ́n bí ẹni mowó, láì mọ̀ pé ọmọ Yorùbá ni ó kọ ọ́.