Ta Ni Ó San Owó Ìwé Náà?

Ikú yá ju ẹ̀sín, bẹ́ẹ̀ ni àwọn baba wa wí. Ní ọdún 1933, Yasujiro Ozu, ará Jàpáànì, ṣe sinimá kan tí kò ní ohùn, tí kò sì tó wákàtí kan, Obìnrin Tokyo ni orúkọ rẹ̀. Lójú tèmi, sinimá náà gbé ọ̀rọ̀ àgbà yìí lé orí ìwọ̀n.

Títí di nǹkan bí ọdún 1920, ọkùnrin ni ó sábà máa ń ṣe obìnrin nínú sinimá Jàpáànì. Ní ọdún náà ni ilé-iṣẹ́ Shochiku bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe sinimá, tí ó sì gba obìnrin sí iṣẹ́ eré. Ọdún mẹ́tàlá péré lẹ́yìn náà, ọmọbìnrin tí ń ṣiṣẹ́ ọ́fíìsì ti di ẹni tí a ń gbé odindi ìtàn kà lórí.

Chikako, tí Yoshiko Okada ṣe, ń tẹ taípù lọ́sàn-án kí àbúrò rẹ̀, Ryoichi, lè ráyè kàwé. Ó ní òun ń bá ọ̀jọ̀gbọ́n kan túmọ̀ ìwé lálẹ́; ilé ọtí ni ó ń lọ, sí ibi iṣẹ́ tí kò ṣeé fi yangàn. Nígbà tí àṣírí tú, Ryoichi gbá a létí, ó sá jáde, ó sì pa ara rẹ̀. Chikako sunkún lórí òkú rẹ̀, ṣùgbọ́n kò tọrọ àforíjì: ó bá òkú wí pé ojo ni.

Àwọn kan lè sọ pé ìparí rẹ̀ kù díẹ̀ káàtó, nítorí Ozu fi Chikako sílẹ̀ nínú ẹkún, ó sì tẹ̀lé àwọn akọ̀ròyìn jáde sí ìgboro, àwọn tí ọ̀ràn náà kò jọ lójú. Èmi kò gbà bẹ́ẹ̀. Ibẹ̀ gan-an ni oró ìtàn náà wà: ohun tí ó ba ayé ọmọbìnrin kan jẹ́ kò tó ìròyìn lójú ìlú.

Ẹ̀yin olùkọ́, mo ti yẹ rẹ́jísítà ilé-ẹ̀kọ́ púpọ̀ wò. Iye owó tí ọmọ san wà níbẹ̀. Ọwọ́ tí ó wá owó náà kò sí níbẹ̀. Ryoichi ka ìwé títí, kò kọ́ láti mọ ọwọ́ náà. Bí ikú bá yá ju ẹ̀sín lóòótọ́, ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ béèrè ẹni tí ó ni ẹ̀sín náà: ẹni tí ó ṣiṣẹ́ ni, tàbí ẹni tí ó jẹ èrè rẹ̀ tí kò béèrè?