Isabel Ruth nínú aṣọ ọ̀gá

Ẹni tó bá fẹ́ mọ ohun tí Isabel Ruth mọ̀ ọ́n ṣe, kó wo ibi tó ti ń wọ aṣọ ọ̀gá rẹ̀ nínú Os Verdes Anos, fíìmù tí Paulo Rocha ṣe ní Lisbon ní 1963. Ilda ni wọ́n ń pè é níbẹ̀, ọmọ ọ̀dọ̀ ni nílé olówó. Àwọn onílé kò sí nílé. Ilda ń kó aṣọ jáde, ó ń wọ̀ wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń yan fún Júlio, ọmọkùnrin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti abúlé dé láti wá kọ́ iṣẹ́ bàtà.

Òṣèré mìíràn ì bá sọ ọ́ di yẹ̀yẹ́: á yínmú, á jùdí, ká lè fi ọmọ ọ̀dọ̀ tó ń ṣe màdáàmù rẹ́rìn-ín. Isabel Ruth kò ṣe bẹ́ẹ̀. Aṣọ náà bá a mu. Ọrùn rẹ̀ nà, èjìká rẹ̀ rọlẹ̀, àfi bíi pé láti ọjọ́ tó ti ń lọ aṣọ yẹn ló ti ń fojú wọ̀ ọ́. Ohun tó ń ba Júlio nínú jẹ́ gan-an nìyẹn: Ilda lè gbé ayé mìíràn, kò sì dájú pé òun máa wà níbẹ̀. Ẹnikẹ́ni kò fẹnu sọ ọ́. Nígbà tí Júlio wá ní kó fẹ́ òun, tí Ilda kọ̀, tí ọ̀rọ̀ di ti ọ̀bẹ, àwa tí a rí bó ṣe yan ti ń fura tipẹ́.

Oníjó ni Isabel Ruth, ijó bálẹ́ẹ̀tì ló kọ́ kó tó bọ́ sí sinimá. Ìdúró rẹ̀ ni mo ti ń rí ijó náà ju ìrìn rẹ̀ lọ. Rui Gomes tó ṣe Júlio gan bí igi lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó sì dáa bẹ́ẹ̀.

Nínú Mudar de Vida, 1966, Rocha gbé e lọ sí Furadouro létí òkun, láàárín àwọn apẹja. Albertina ló jẹ́ níbẹ̀, ọmọbìnrin tó jí owó ọrẹ ṣọ́ọ̀ṣì. Yíyan ti tán. Ojú rẹ̀ le, ara rẹ̀ kò balẹ̀. Geraldo Del Rey, ọmọ Bahia, ni wọ́n jọ ṣe é, ẹni tó ti wà nínú fíìmù O Pagador de Promessas, níbi tí ẹ̀jẹ́ tí ọkùnrin kan jẹ́ fún Ọya ti dá wàhálà sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì.

Ní 1997, Pedro Costa fi í ṣe nọ́ọ̀sì nínú Ossos. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, Rocha tún pè é wá ṣe O Rio do Ouro. Síbẹ̀, bí wọ́n bá ń ka àwọn òṣèré obìnrin inú sinimá Yúróòpù àwọn ọdún 1960, Anna Karina ni wọ́n ń kọ́kọ́ dárúkọ. Èmi ò rí ohun tí Karina fi jù ú lọ, àfi pé Paris ni òun ti ṣe tirẹ̀.