Ìwé Ìṣirò Tí A Fi Ń Mọ Kíbúlà: Èwo Ni Ó Wúlò Fún Ọmọ Kéú?

Ẹ̀yin àáfà wa, ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ọ̀rọ̀ ìwé ni mo gbé wá.

Mọṣáláṣí kan wà láàárín Òṣogbo sí Iléṣà, n kò ní dárúkọ rẹ̀. Oṣù December ni wọ́n fi ìpìlẹ̀ rẹ̀ lélẹ̀. Àwọn bàbá jí láàárọ̀, wọ́n wo ibi tí òòrùn ti yọ, wọ́n ta okùn síbẹ̀. Ọdún púpọ̀ lẹ́yìn náà, ọmọ kéú kan tó ti dé yunifásítì gbé kọ́ńpáàsì wọlé, ni ariwo bá ta. Wọ́n ní ṣé ó fẹ́ sọ pé ìrun àwọn bàbá àwọn kò gbà ni? Ọmọ náà wá ìwé tó lè fi hàn wọ́n lédè wa, kò rí.

Ohun tó fẹ́ fi hàn wọ́n kò ṣòro. Ṣóńṣó àríwá ayé, ìlú wa, àti Mọ́kà: orígun mẹ́ta nìyẹn, ṣùgbọ́n àwọn ìlà tó so wọ́n pọ̀ tẹ̀ bí ẹ̀yìn igbá, nítorí pé ayé róbótó. Ìṣirò irú onígun mẹ́ta bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń pè ní spherical trigonometry. Bí a bá fi rúlà fa ìlà lórí máàpù ara ògiri, a ó rí nǹkan bí díígírì 68 láti àríwá sí ìlà-oòrùn. Ìṣirò tòótọ́ fún Òṣogbo jẹ́ nǹkan bí 64, ti Iléṣà náà 64. Ìlà-oòrùn gangan jẹ́ 90. Òòrùn fúnra rẹ̀ kì í yọ lójú kan: ní ìparí June, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ bá kíbúlà wa mu, díígírì 2 péré ló kù, nígbà tó bá fi di December, ó ti fi bíi 50 yà á. Ibi tí àwọn bàbá ti ṣì í nìyẹn.

Nísinsìnyí, kí la fẹ́ kà? Al-Biruni parí Tahdid rẹ̀ ní 1025 láti wá kíbúlà ìlú Ghazna. Jamil Ali túmọ̀ rẹ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì ní 1967. Ìwé ńlá ni, ẹ̀rù rẹ̀ bà mí nígbà tí mo kọ́kọ́ ṣí i. Kì í ṣe ìwé akẹ́kọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ rárá. Ti Todhunter, ará Ìlú Ọba, jáde ní 1859 fún àwọn ilé ẹ̀kọ́. Ó péye, ọ̀fẹ́ sì ni lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ṣùgbọ́n ó gbẹ bí ẹran ìgbẹ́ tó pẹ́ lórí ààrò. Òfin kan ń tẹ̀lé òmíràn, kò sọ ohun tí a fẹ́ fi ṣe. Èyí tí mo fọwọ́ sí ni Heavenly Mathematics tí Glen Van Brummelen kọ ní 2013. Ó ń fi àwòrán ṣàlàyé, ó fi ìbéèrè sẹ́yìn orí kọ̀ọ̀kan, ó sì fún àwọn onímọ̀ Mùsùlùmí ayé àtijọ́ ní ẹ̀tọ́ wọn. Àléébù rẹ̀ ni pé ẹni tí kò bá mọ sine àti cosine láti ilé ìwé gírámà yóò ṣubú lójú ọ̀nà. Kò sì sí Òṣogbo nínú rẹ̀. Ẹ̀dùn ọkàn mi nìyí: àwa tó kọ́ ọmọ kéú ní òfin ìrun láti kékeré, a kò kọ ojú ìwé mẹ́wàá lédè Yorùbá tó fi ìlú wa ṣe àpẹẹrẹ. Ẹ̀bi ti àwa náà ni, kì í ṣe ti òyìnbó.

Ní ti ìrun àtijọ́, àwọn onímọ̀ mazhab Màlíkì ti sọ ọ́: ẹni tó sapá wá kíbúlà tó sì ṣì í, kò ní san ìrun náà padà lẹ́yìn tí àkókò rẹ̀ ti kọjá. Ká ti sọ èyí ṣáájú, ìjà kò ní tó bẹ́ẹ̀.

Ẹni tí kò gba ìwé gbọ́, kí ó ri igi gbọọrọ sílẹ̀. Ní 27 tàbí 28 May, ní aago 10:18 àárọ̀, àti 15 tàbí 16 July, ní 10:27, òòrùn máa ń wà lókè orí Kábà gan-an. Láti ṣóńṣó òjìji igi náà sí ìdí rẹ̀ ni kíbúlà. Ní mọṣáláṣí yẹn, òjò kò jẹ́ ká rí òòrùn ní July. May ọdún kejì ni òjìji náà tó yọ, ó sì bá 64 ọmọ náà mu. Lọ́jọ́ Jímọ̀ tó tẹ̀lé e, wọ́n ti fa ìlà tuntun sórí ẹní.