Ta Ló Fi Ọ́ìlì Sí Ẹ̀rọ Náà?

Ìwé kan wà tí àwọn ènìyàn ń dárúkọ ju bí wọ́n ti ń kà á lọ. The Time Machine ni àkọlé rẹ̀. H. G. Wells, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ló kọ ọ́, ọdún 1895 ló jáde. Ẹ bi ẹnikẹ́ni, yóò ní òun mọ̀ ọ́n: ṣebí ọ̀rọ̀ ẹ̀rọ tó ń gbé ènìyàn lọ sí ọjọ́ iwájú ni? Ẹ ní kó máa bá ọ̀rọ̀ lọ, á bẹ̀rẹ̀ sí í wo òkè. Sinimá ló wò. Mo ní ẹjọ́ díẹ̀ pẹ̀lú sinimá náà, mo sì ní ti Wells fúnra rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ yìn ín.

Ẹ̀rọ náà kò ní táyà, kò ní ìyẹ́. Irin dídán, eyín erin àti òkúta kan tó mọ́ gaara bíi dígí ló fi ṣe é. Ènìyàn á jókòó lé e bí ẹni gun kẹ̀kẹ́, ọ̀pá kékeré méjì ló sì ń darí rẹ̀, ọ̀kan fún ọ̀la, ọ̀kan fún àná. Ohun tó wù mí jù ni pé ẹ̀rọ yìí kì í kúrò lójú kan. Inú yàrá iṣẹ́ ọkùnrin tó ṣe é, ní Richmond lẹ́bàá Lọ́ńdọ̀nù, ló ti gbéra. Nígbà tí ó dé ọdún 802,701, ojú ibẹ̀ náà ló wà. Ilé ló ti wó, odò Thames ló ti yà kúrò lójú ọ̀nà rẹ̀ àtijọ́. Àwọn ará ibẹ̀ wá wọ́ ẹ̀rọ náà díẹ̀ kúrò níbi tí ó gbé e sí. Nígbà tí ọkùnrin náà padà dé ilé, igun yàrá tí ó ti lọ kọ́ ló bọ̀ sí, igun tó dojú kọ ọ́ ni. Bí wọ́n ti wọ́ ọ tó lọ́hùn-ún ló fi yẹ̀ níhìn-ín. Bí ènìyàn yóò bá purọ́, báyìí ló yẹ kó máa pa á!

Ọ̀nà jíjìn kọ́ ni ọkùnrin yìí rìn nígbà náà. Àdúgbò ara rẹ̀ ló dúró sí. Àwọn tó bá níbẹ̀ pín sí méjì. Lókè ni àwọn Eloi wà, wọ́n kúrú bí ọmọdé, wọ́n lẹ́wà, wọn kì í ṣiṣẹ́ kankan. Èso ni wọ́n ń jẹ, òdòdó ni wọ́n fi ń ṣeré. Abẹ́ ilẹ̀ ni àwọn Morlock wà, wọ́n funfun bí ohun tí oòrùn kò kàn rí, ojú wọn tóbi rọ̀bọ̀tọ̀, iná sì ń bà wọ́n lẹ́rù. Ọkùnrin náà rò ó títí, ó ní ọmọ-ọmọ àwọn olówó ló di Eloi, ọmọ-ọmọ àwọn òṣìṣẹ́ tí wọ́n ń tì sí abẹ́ ilẹ̀ díẹ̀díẹ̀ ló di Morlock. Àwọn ti ìsàlẹ̀ ṣì ń ṣe aṣọ fún àwọn ti òkè. Tó bá di òru, wọn a gòkè wá, wọn a kó lára wọn lọ jẹ.

Wells kò lá àlá yìí lásán. Bàbá rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù kékeré kan ní Bromley tí kò mówó wọlé. Ní 1880, ìyá rẹ̀ lọ di olórí àwọn ìránṣẹ́bìnrin ní Uppark, ilé ọlọ́lá kan ní Sussex. Abẹ́ ilẹ̀ ni wọ́n gbẹ́ ọ̀nà sí fún àwọn ìránṣẹ́ ilé náà, kí wọ́n lè máa lọ kí wọ́n máa bọ̀ láìfojú kan ọ̀gá. Wells náà kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ oníṣòwò aṣọ ní Southsea, ó kórìíra rẹ̀, ó sì fi í sílẹ̀ ní 1883. Ẹ̀yin tí ẹ mọ àwọn ilé tí òyìnbó kọ́ sí Ìkòyí, tí ilé ọmọ ọ̀dọ̀ wà lẹ́yìn pátápátá, ẹ ò nílò àlàyé púpọ̀.

Sinimá tí George Pal ṣe ní 1960 wá ńkọ́? Ó dùn ún wò, n kò ní purọ́. Ère obìnrin kan wà lójú fèrèsé ṣọ́ọ̀bù aṣọ ní òdìkejì títì. Bí ẹ̀rọ ti ń sáré ni aṣọ ọrùn ère náà ń yí padà, ọdún ń gorí ọdún, ère kò gbó. Ibẹ̀ yẹn tó ojú ewé mẹ́wàá. Ṣùgbọ́n wọ́n fọ ọ̀rọ̀ olówó àti òṣìṣẹ́ kúrò nínú ìtàn náà pátá. Nínú sinimá, ogun ló lé àwọn kan wọ abẹ́ ilẹ̀. Kò sí ẹni tó rán ẹnikẹ́ni lọ síbẹ̀, kò sí ẹni tó jẹ̀bi ẹnì kejì. Wọ́n dá ẹ̀mí Weena sí, ọmọbìnrin Eloi tí Wells jẹ́ kó ṣègbé lóru nínú igbó tó ń jó. Àwọn Eloi wá kọ́ ìjà, ó di ìtàn akọni. Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n tún ń sọ! Lẹ́yìn ẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹgbẹ̀rin ọdún kẹ̀?

Ẹjọ́ tèmi pẹ̀lú Wells nìyí. Inú ìpìlẹ̀ ère ńlá kan ni àwọn Morlock gbé ẹ̀rọ náà pamọ́ sí. Nígbà tí ọkùnrin náà rí i padà, ó rí i pé wọ́n ti nù ún mọ́, wọ́n sì ti fi ọ́ìlì sí i. Ó tilẹ̀ fura pé wọ́n tú apá kan rẹ̀ wò. Ẹ dúró ná. Ní gbogbo ayé ọdún 802,701, ta ló wá ọ̀nà àtimọ ohun tí ẹ̀rọ yìí wà fún? Eloi kọ́ o. Àwọn tó ń pè ní ẹranko ni. Ọkùnrin tó fọwọ́ ara rẹ̀ to ẹ̀rọ ni, abẹ́ ilẹ̀ sì ni àwọn tó jọ ọ́ jù wà. Kí ló fi bá wọn lò? Ó ti lọ ṣẹ́ ọ̀pá irin lára ẹ̀rọ àtijọ́ kan ní ilé ìṣẹ̀ǹbáyé, òun ló fi ń fọ́ wọn lórí. Weena ní orúkọ, ó kó òdòdó sí i lápò, a sì dárò rẹ̀. Kò sí Morlock kan ṣoṣo tó ní orúkọ. N kò ní ẹni tó ń jẹ ènìyàn jẹ́ ẹni rere o. Ṣùgbọ́n ọmọ obìnrin tó ṣiṣẹ́ ní Uppark ló kọ ìwé yìí, mo sì retí pé yóò bi ẹnì kan léèrè ọ̀rọ̀ kan péré nísàlẹ̀ lọ́hùn-ún. Kò bi wọ́n. Bí ọ̀bẹ ti mú tó, kò gbẹ́ èkù ara rẹ̀.

Ọ̀rẹ́ mi kan níbi iṣẹ́ ní mo ń rẹ́ Wells jẹ. Ó ní ọkùnrin inú ìtàn ló fọ́jú, kì í ṣe òǹkọ̀wé. Àbí ta ló ní kí Wells mẹ́nu kan ọ́ìlì rárá? Ọ̀rọ̀ rẹ̀ wọ̀ mí lára díẹ̀, ṣùgbọ́n n kò tíì gbà fún un tán.

Ìwé náà kò gùn, alẹ́ méjì ló máa gbà yín. Tí ẹ bá dé ibi ère náà, ẹ rọra kà á, nítorí gbólóhùn kan ni ọ̀rọ̀ ọ́ìlì yẹn, ọkùnrin náà kò sì dúró lórí rẹ̀: wọ́n ti pa ilẹ̀kùn dé mọ́ ọn, òkùnkùn ti bò ó, ó ń táràrà wá ibi tí yóò fi ọ̀pá méjèèjì tó wà lápò rẹ̀ sí.