Láti Ìdí Gbohùngbohùn dé Ojú Sinimá: Ayọ̀ Makun Gẹ́gẹ́ bí Òṣèré

Ìfọ́n, ní ìjọba ìbílẹ̀ Ọ̀sẹ̀ kan náà tí Ùtè wà, ni Ayọ̀ Makun (AY) ti wá, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé Warri ni a bí i sí. Bí a bá dárúkọ rẹ̀ ní kíláàsì, ẹ̀rín ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń kọ́kọ́ rín. Èrò wọn ni pé ẹni tí ó mọ̀ ọ́n pani lẹ́rìn-ín ti mọ eré fíìmù í ṣe. Àwa kò gbà bẹ́ẹ̀.

Adẹ́rìn-ín-pòṣónú tí ó dá dúró lórí ìtàgé ni ó ni àkókò. Bí òǹwòran bá ń rẹ́rìn-ín, yóò dúró dè wọ́n. Bí wọn kò bá rín, yóò yára yí ọ̀rọ̀ padà. Nínú fíìmù, ẹnikẹ́ni kò ní dá a lóhùn. Olótùú ni yóò gé ọ̀rọ̀ rẹ̀ síbi tí ó bá wù ú. Ẹ̀rọ ayàwòrán sì sún mọ́ ojú rẹ̀ débi pé ohun tí ó tó fún gbọ̀ngàn yóò di àṣejù.

Èyí hàn nínú 30 Days in Atlanta (2014), tí Robert Peters darí, tí AY fúnra rẹ̀ gbé jáde. Òun ni ó ṣe Akpos, ọmọ Warri tí ó jẹ ẹ̀bùn ìrìn-àjò lọ sí Amẹ́ríkà. Akpos kì í ṣe ẹ̀dá ìtàn tuntun. Orúkọ yìí ti wà nínú ẹ̀fẹ̀ tipẹ́. Ìdí nìyí tí ọ̀pọ̀ ìran fi dá dúró bí ẹ̀fẹ̀ kọ̀ọ̀kan: bí a bá yọ ọ̀kan, ìtàn kò ní fara pa. Ṣùgbọ́n ẹ wo ibi tí òun àti Ramsey Nouah, tí ó ṣe Richard ìbátan rẹ̀, ti jọ wà. Nouah kò du ẹ̀rín mọ́ ọn lọ́wọ́. Ìtìjú ni ó ń ṣe. Ìtìjú yẹn ni ó fún ìwà Akpos ní ìtumọ̀, nítorí AY ní láti gbọ́ ti ẹnìkejì kí ó tó fèsì. Ibẹ̀ ni ó ti di òṣèré. Fíìmù náà pa owó ńlá ní ilé sinimá, ṣùgbọ́n owó kọ́ ni ìbéèrè wa.

Moses Ọláìyá ti rin ọ̀nà yìí ṣáájú. Lóòótọ́, ẹgbẹ́ eré ni tirẹ̀, kì í ṣe àwàdà adánìkanṣe. Síbẹ̀, Bàbá Sàlá tí gbogbo ènìyàn ti mọ̀ lórí ìtàgé àti tẹlifíṣọ̀n ni ó gbé wọ inú Ọ̀run Móoru (1982), tí Ọlá Balógun darí. Ìtàn náà fi ìyà jẹ ẹni tí a ń fi rẹ́rìn-ín: ó pàdánù ọrọ̀, ó bẹ́ sódò. Ẹ̀rín há sí wa lọ́fun. Akpos kì í pàdánù ohun kan tí yóò dùn wá.

Ní èrò tiwa, AY sàn díẹ̀ nínú Merry Men (2018), níbi tí ó ti ṣe Amaju, ọ̀kan nínú ọlọ́rọ̀ mẹ́rin ní Abuja, nítorí pé àwọn mẹ́ta yòókù bá a gbé ẹrù. (Àkọlé rẹ̀ ní kíkún pe irú àwọn ọkùnrin bẹ́ẹ̀ ní ẹ̀mí èṣù Yorùbá, síbẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni ó pọ̀ jù lẹ́nu wọn. Ó dun olùkọ́ èdè.) Nouah tún wà níbẹ̀. Kí olùkọ́ eré-oníṣe pa ohùn ìran kan tí àwọn méjèèjì ti pàdé, kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ sì máa wo ojú AY nígbà tí ọ̀rọ̀ kò sí lẹ́nu rẹ̀.