Ẹ̀yìn-Òpin: Àgbéyẹ̀wò Ìtẹ̀síwájú lẹ́yìn Ìparí Ìtàn nínú Eré Path of Exile

1.0 Ìfáárà

Ìtàn ìrìnàjò a máa ní ìpadàbọ̀ nínú. Yorùbá gbà pé àjò kì í dùn kí onílé má relé, apàlọ́ kì í sì í fi akọni rẹ̀ sílẹ̀ láàárín igbó kí ó gbọn aṣọ rẹ̀, kí ó dìde. Ẹ̀yà eré orí kọ̀ǹpútà kan wà tí ó tàpá sí ìlànà yìí. Nínú rẹ̀, olùṣeré yóò yan ẹ̀dá ìtàn kan, yóò máa darí rẹ̀ lójú ìjà, yóò máa wá ohun ìjà àti ìhámọ́ra fún un, yóò sì máa pàdé àwọn olùṣeré mìíràn lórí íntánẹ́ẹ̀tì láti ṣe pàṣípààrọ̀ tàbí láti jùmọ̀ jà. Ìtàn inú eré náà ní ìbẹ̀rẹ̀, ó ní àárín, ó sì ní òpin. Síbẹ̀, nígbà tí ìtàn bá parí ni apá tí ó pọ̀ jù nínú eré ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀. Apá tí ó tẹ̀lé òpin ìtàn yìí ni àpilẹ̀kọ yìí pè ní ẹ̀yìn-òpin.

Path of Exile ni eré tí àpilẹ̀kọ yìí gbé yẹ̀ wò. Ilé-iṣẹ́ Grinding Gear Games, tí ó fi ìlú Auckland ní New Zealand ṣe ibùjókòó, ni ó gbé e jáde ní October 2013. Ìdí tí ó fi yẹ fún àgbéyẹ̀wò ni pé ẹ̀yìn-òpin rẹ̀ kì í ṣe àfikún lásán: ó ní ibùdó ìtàn tirẹ̀, ó ní àwọn ẹ̀dá ìtàn tirẹ̀, ó sì ní kókó-ọ̀rọ̀ tirẹ̀.

Ẹ̀sùn tí ó wọ́pọ̀ lórí ẹ̀yìn-òpin ni pé iṣẹ́ àṣekúdórógbó ni. Olùṣeré ń pa àǹjọ̀nnú kí ó lè rí ohun ìjà tí yóò fi pa àǹjọ̀nnú tí ó le ju ti àná lọ, kò sì sí ibi tí ó ń lọ. Ẹ̀sùn yìí fẹsẹ̀ múlẹ̀ ní apá kan, ṣùgbọ́n ó fo ohun pàtàkì kan dá. Oríṣi ìtẹ̀síwájú mẹ́ta ni ó wà ní ẹ̀yìn-òpin: ti ẹ̀dá ìtàn, ti ilẹ̀, àti ti olùṣeré fúnra rẹ̀. Méjì àkọ́kọ́ kì í bá olùṣeré wọ sáà tuntun. Ẹ̀kẹta nìkan ni ó ń bá a lọ. Láàárín ọdún 2019 sí 2022, ìtàn inú eré náà sọ òtítọ́ yìí jáde. Lẹ́yìn náà ni ó sì gbé ohun tí ó sọ tì sí ẹ̀gbẹ́ kan.

2.0 Orísun

Ẹ̀yìn-òpin kò bẹ̀rẹ̀ láti orí Path of Exile. Nínú Diablo II, tí ó jáde ní ọdún 2000, ẹni tí ó bá parí ìtàn ní ìpele Normal yóò tún un ṣe ní Nightmare, yóò sì tún un ṣe ní Hell. Ìtàn kan náà ni, àwọn ọ̀tá nìkan ni ó ń le sí i. Path of Exile jogún ọgbọ́n yìí: Normal, Cruel àti Merciless ni ó pe ìpele mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tirẹ̀. Nígbà tí ó di August 2017, àfikún Fall of Oriath fòpin sí àtúnṣe náà, ó sì na ìtàn di abala mẹ́wàá tí olùṣeré ń là kọjá lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Ṣáájú èyí, ní September 2016, Atlas of Worlds ti fún ẹ̀yìn-òpin ní ilẹ̀ tirẹ̀. Bí ìtàn ṣe kúrò ní ohun tí a ń tún sọ nìyẹn, tí ẹ̀yìn-òpin sì di ibùdó tí ó dá dúró.

3.0 Òpin tí ó ń gba nǹkan lọ́wọ́ ẹni

Ẹni tí a lé kúrò ní ìlú Oriath ni akọni ìtàn yìí. Etíkun Wraeclast, ilẹ̀ ègún tí òkú ti ń rìn, ni ìgbì òkun gbé e jù sí. Ní abala karùn-ún, akọni padà sí Oriath. Kò bá ìlú náà ní àlàáfíà. Ó bá Kitava, òrìṣà wọ̀bìà, tí ó jáde láti jẹ ìlú náà run. Ó di dandan kí akọni tún sá padà sí Wraeclast, kí ó sì padà wá ní abala kẹwàá láti pa Kitava láàárín àwókù ìlú tí ó ti lé e jáde.

Ibi tí ó yẹ kí alámèyítọ́ dúró sí nìyí. Nínú ìtàn mìíràn, ẹ̀bùn ni akọni ń gbà lẹ́yìn ìṣẹ́gun: ọba yóò pín ilé fún un, yóò sì fún un ní ọmọ rẹ̀ fẹ́. Nínú Path of Exile, ẹ̀ẹ̀mejì tí akọni bá Kitava jà, ẹ̀ẹ̀mejì náà ni ìdáàbòbò rẹ̀ lọ́wọ́ iná, òtútù àti mànàmáná ń dín kù ní ìdá 30 nínú 100, títí láé. Ìdá 60 ni àpapọ̀ rẹ̀. Nígbà tí ó jẹ́ pé ìdá 75 ni òkè téńté ìdáàbòbò fún ẹni tí kò ní ìrànlọ́wọ́ àrà ọ̀tọ̀, ìdá 135 ni ó gbọ́dọ̀ wá lára ìhámọ́ra àti agbára mìíràn kí ó tó lè dé ibẹ̀.

Òfin ìṣirò ni èyí lójú ẹni tí ń wá bí yóò ṣe yege. Lójú alámèyítọ́, ọ̀rọ̀ ni. Ilé tí ẹni tí a lé jáde ń wá ti dahoro, ìṣẹ́gun rẹ̀ sì sọ ọ́ di aláìlágbára ju ti ìṣáájú lọ. Olùṣeré tí kò bá ka èyí sí ọ̀rọ̀ yóò rò pé eré náà ń fìyà jẹ òun láìnídìí. Ẹni tí ó bá kà á yóò mọ̀ pé kókó-ọ̀rọ̀ ìtàn náà, ìyẹn àìnílé, kò tí ì parí. Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ inú òfin eré ni.

4.0 Àkàbà mẹ́ta

4.1 Àkàbà ẹ̀dá ìtàn

Ìpele 100 ni òpin ìdàgbàsókè ẹ̀dá ìtàn. Bí ó bá ṣe ń sún mọ́ ọn ni ìgbésẹ̀ kọ̀ọ̀kan ń le sí i. Nígbàkúùgbà tí ó bá sì kú lẹ́yìn abala kẹwàá, yóò pàdánù ìdá kan nínú mẹ́wàá ìrírí tí ìpele tí ó wà ń béèrè, àyàfi pé kò lè já bọ́ sí ìpele tí ó ti kọjá. Àkàbà yìí ni ẹ̀sùn iṣẹ́ àṣekúdórógbó bá mu jù lọ. Nọ́ńbà ń ga, àwọn ọ̀tá náà ń ga, ojú kan náà ni àlàfo wọn sì sábà máa ń wà.

4.2 Àkàbà ilẹ̀

Atlas ni orúkọ ilẹ̀ ẹ̀yìn-òpin. Máàpù ni a fi ń wọ inú rẹ̀. Máàpù jẹ́ ohun-èlò tí ń bọ́ sílẹ̀ lára àǹjọ̀nnú tí ó kú. Olùṣeré yóò fi í sínú ẹ̀rọ kan, ẹnu-ọ̀nà mẹ́fà yóò sì ṣí. Bí ẹ̀dá ìtàn bá kú nínú ibẹ̀, ó ní láti gba ẹnu-ọ̀nà mìíràn wọlé. Bí mẹ́fẹ̀ẹ̀fà bá tán, máàpù náà ti run. Ìpele máàpù bẹ̀rẹ̀ láti 1, ó sì ń ga sókè, ẹni tí ó bá sì ń ṣe ti ìsàlẹ̀ lè rí ti òkè he. Kò sí ẹni tí ń yan ọ̀nà fún olùṣeré mọ́. Ohun tí ó bá rí ni ó ń pinnu ibi tí ó lè lọ.

Ọgbọ́n inú ètò yìí wà nínú ewu tí olùṣeré ń fi ọwọ́ ara rẹ̀ dá sílẹ̀. Ó lè lo Orb of Alchemy lórí máàpù lásán kí ó di èyí tí ó ṣọ̀wọ́n. Nígbà náà, àǹjọ̀nnú lè pọ̀ sí i, ẹ̀jẹ̀ ẹ̀dá ìtàn sì lè kọ̀ láti máa sọjí fúnra rẹ̀. Ṣùgbọ́n ohun tí yóò bọ́ sílẹ̀ náà yóò pọ̀ sí i. Ẹni tí yóò jẹ oyin inú àpáta kì í wo ẹnu àáké. Ìyàtọ̀ ibẹ̀ ni pé nínú eré yìí, ẹni tí yóò jẹ oyin ni ó tún ń pinnu bí àpáta yóò ṣe le tó.

Ètò ọrọ̀ ajé eré náà mú kí ìpinnu yìí wúwo. Títí di July 2024, kò sí owó wúrà nínú rẹ̀. Àwọn ohun-èlò tí a fi ń tún ìhámọ́ra àti máàpù ṣe, bíi Chaos Orb, ni àwọn olùṣeré fi ń ná ọjà láàárín ara wọn. Ẹni tí ó bá lo Chaos Orb lórí máàpù rẹ̀ ti ná owó rẹ̀. Ẹni tí ó bá fi í pamọ́ fún ọjà lè ṣaláìrí máàpù tí ó dára ṣe. Bí àgbẹ̀ ṣe ń pinnu iye iṣu tí yóò jẹ àti èyí tí yóò fi ṣe èbù ni. Nǹkan bí èyí kì í ṣe àtúnṣe ohun kan náà. Ojoojúmọ́ ni ìdájọ́ ń wáyé nínú rẹ̀.

4.3 Àkàbà olùṣeré

Eré náà pín sí sáà tí wọ́n ń pè ní líìgì. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, nǹkan bí oṣù mẹ́ta sí mẹ́rin ni sáà kan ń gbà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé èyí tí ó bẹ̀rẹ̀ ní July 2024 kò rí arọ́pò títí di June 2025. Nígbà tí sáà bá parí, ẹ̀dá ìtàn àti ẹrù rẹ̀ yóò bọ́ sí Standard, ibi tí gbogbo sáà tí ó ti kọjá ń ṣàn sí. Ẹni tí ó bá fẹ́ wà nínú sáà tuntun yóò tún bẹ̀rẹ̀ ní etíkun, ní ọwọ́ òfo, ní ìpele 1.

Àwọn tí ó rí èyí bí àdánù gbàgbé bí ọ̀rọ̀ ayò ṣe rí. Bí ayò bá parí, ọmọ ayò 48 a padà sínú ọpọ́n, mẹ́rin mẹ́rin nínú ihò 12. Kò sí ẹni tí ń sunkún pé wọ́n gba ọmọ ayò lọ́wọ́ òun, nítorí ohun tí ọ̀ta gbé kúrò nídìí ọpọ́n kò sí lára ọmọ ayò. Bákan náà, ẹni tí sáà karùn-ún rẹ̀ nìyí kò ní ohun kan lọ́wọ́ tí ẹni tuntun kò ní, ṣùgbọ́n ó mọ èwo nínú àwọn máàpù ni ó tọ́ sí i, ó mọ ìgbà tí ó yẹ kí ó sá, ó sì mọ ohun tí kò yẹ kí ó tà. Ìtẹ̀síwájú tí ó ṣeé gbé lọ nìyẹn.

5.0 Sirus: dígí tí a gbé kúrò lára ògiri

Ìtàn ẹ̀yìn-òpin fúnra rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Zana, ọmọbìnrin tí ń wá bàbá rẹ̀ káàkiri Atlas. Bàbá náà ni ẹni tí agbára Atlas ti sọ di Shaper. Lẹ́yìn èyí ni Elder yọjú ní December 2017. Ìgbà tí Conquerors of the Atlas jáde ní December 2019 ni ìtàn yìí dé ibi gíga jù lọ.

Nínú àfikún yìí, kì í ṣe àjèjì ni ọ̀tá. Sirus, Baran, Veritania, Al-Hezmin àti Drox jẹ́ ẹni tí a lé jáde bíi olùṣeré gan-an. Wọ́n ti bá Zana ṣiṣẹ́, wọ́n ti jùmọ̀ ṣẹ́gun Elder, wọn kò sì kúrò ní Atlas lẹ́yìn náà. Agbára ibẹ̀ yí orí wọn. Ti Sirus ni ó burú jù: ìmọ̀lára ti kú nínú rẹ̀, ìpànìyàn kò sì já mọ́ nǹkan kan lójú rẹ̀ mọ́. Kí olùṣeré tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ó gbọ́dọ̀ lépa àwọn mẹ́rin yòókù lórí Atlas léraléra, kí ìpele ìjí ilẹ̀ náà máa ga títí dé 8. Lọ́rọ̀ kan, ọ̀nà tí Sirus gbà di ẹranko ni olùṣeré ń gbà lọ pa á.

Ẹ̀sùn iṣẹ́ àṣekúdórógbó, inú eré náà fúnra rẹ̀ ni ó ti kọ́kọ́ gba ẹnu jáde. Sirus ni ẹni tí ó gun àkàbà kìn-ín-ní àti èkejì dé òkè téńté, tí kò gun ẹ̀kẹta rárá. Àṣejù, baba àṣetẹ́. Ó ní gbogbo agbára, kò sì ní ìdí kankan láti fi lò ó.

Ó ṣeni láàánú pé Siege of the Atlas, tí ó jáde ní February 2022, gbé Searing Exarch àti Eater of Worlds sí àárín ìtàn. Sirus kò parẹ́. Ó di ọ̀gá kan tí olùṣeré ń kó àmì mẹ́rin jọ kí ó lè lọ bá jà fún èrè. Àwọn ọ̀tá tuntun náà ga, wọ́n sì ba ni lẹ́rù, ṣùgbọ́n òkèèrè ni wọ́n ti wá. Olùṣeré kò rí ojú ara rẹ̀ lára wọn. Eré náà sọ àyẹ̀wò ara ẹni di ọjà tí a ń kó ẹrù lọ rà.

6.0 Àléébù

Àléébù méjì ni ó yẹ ní mímẹ́nubà. Èkíní, bí ìmọ̀ olùṣeré bá jẹ́ ìtẹ̀síwájú tí ó tọ́jọ́ jù, eré náà kì í ṣe olùkọ́ rere. Igi agbára ẹ̀dá ìtàn ní ẹ̀ka tí ó lé ní 1,000, ti Atlas sì tún wà lọ́tọ̀. Ọ̀pọ̀ olùṣeré ní láti lo Path of Building, ètò ìṣirò tí kì í ṣe ilé-iṣẹ́ náà ni ó ṣe é, kí wọ́n tó lè mọ ohun tí ẹ̀ka kan yóò ṣe fún wọn. Ẹni tí ó bá kàn ń tẹ̀lé ètò tí ẹlòmíràn ti là sílẹ̀ lè dé òkè Atlas láìlóye ìdí kan. Nọ́ńbà rẹ̀ yóò ga. Òun fúnra rẹ̀ kò ní kúrò ní ibi tí ó wà.

Èkejì ni ti àpótí ìkẹ́rùsí. Ọ̀fẹ́ ni eré náà, mẹ́rin sì ni àpótí tí ó ń bá a wá. Ẹ̀yìn-òpin a máa da ẹrù sílẹ̀ bí òjò, ilé-iṣẹ́ náà a sì máa ta àpótí. Kò sí ẹ̀tàn níbẹ̀, nítorí gbangba ni ọjà náà wà. Ṣùgbọ́n ó yẹ kí alámèyítọ́ rí i pé ẹni tí ń da ẹrù sílẹ̀ náà ni ń ta ibi tí a ó kó o sí, àti pé àkàbà kìn-ín-ní àti èkejì ni ọjà yìí ń tì lẹ́yìn, kì í ṣe ẹ̀kẹta.

7.0 Àgbálọgbábọ̀

Àpilẹ̀kọ yìí ti fi hàn pé ẹ̀yìn-òpin Path of Exile kò yàgò fún kókó-ọ̀rọ̀ ìtàn tí ó ṣáájú rẹ̀. Ìdáàbòbò tí akọni pàdánù lọ́wọ́ Kitava, ẹnu-ọ̀nà mẹ́fà máàpù, ìbẹ̀rẹ̀ tuntun sáà kọ̀ọ̀kan: gbogbo wọn ń sọ̀rọ̀ ẹni tí kò ní ilé tí ó lè padà sí. Nítorí náà, kò tọ́ kí lámèyítọ́ irú iṣẹ́ báyìí dúró sí ibi tí ìtàn ti parí, kò sì tọ́ kí ó máa ka wákàtí àti nọ́ńbà nìkan. Ohun tí ó yẹ ní bíbéèrè ni ohun tí ó ṣẹ́ kù lọ́wọ́ olùṣeré nígbà tí sáà bá gba gbogbo ohun tí ó kó jọ. Bí ọgbọ́n bá ṣẹ́ kù, eré náà ti ṣe bí ayò. Bí ó bá jẹ́ òùngbẹ ẹrù nìkan ni, Sirus ti fi hàn ibi tí ọ̀nà náà já sí.