Irúnmọlẹ̀ Inú Ìwé àti Irúnmọlẹ̀ Inú Ilé

Ìyá tí ó bí bàbá mi kò mọ̀wé. Ọ̀ṣun ni ó ń sìn títí ọlọ́jọ́ fi dé, ṣùgbọ́n láti inú ilé rẹ̀ ni àwa ọmọ-ọmọ rẹ̀ ti ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, òun fúnra rẹ̀ ni ó sì máa ń wò ó bóyá aṣọ wa mọ́ kí a tó jáde. Nígbà tí mo wà ní ilé-ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, mo máa ń ka ìwé D. O. Fágúnwà sí i létí lálẹ́. Ó máa ń gbádùn rẹ̀ púpọ̀. Bí Àkàrà-ogun bá bọ́ sínú wàhálà, a rẹ́rìn-ín títí omi yóò fi bọ́ lójú rẹ̀. Ní alẹ́ ọjọ́ kan, ó bi mí ní ìbéèrè kan: "Àkànní, o ní igbó irúnmọlẹ̀ ni ọdẹ yìí wọ̀. Àwọn irúnmọlẹ̀ náà ńkọ́? Mi ò tíì gbọ́ orúkọ ẹyọ kan nínú wọn." Mo ní, "Ìyá, àwọn tí mo ń kà fún yín yìí náà ni." Ó mirí, ó ní, "Ó tì o. Iwin nìwọ̀nyẹn."

Ó pẹ́ kí n tó mọ̀ pé lámèyítọ́ ni ìyá àgbà ṣe fún mi ní alẹ́ ọjọ́ náà, àti pé ọ̀rọ̀ rẹ̀ wọnú ju ọ̀pọ̀ ohun tí mo kà lẹ́yìn náà lọ.

Ọ̀nà méjì ni àwọn tí ó ń yẹ iṣẹ́ Fágúnwà wò sábà máa ń gbà. Àwọn kan sọ pé oníwàásù ni. Pé ìtàn ọdẹ ni aṣọ tí ó dà bo ìwàásù náà. Àwọn mìíràn sọ pé ọmọ ìbílẹ̀ gidi ni, pé ẹ̀sìn Kírísítẹ́nì kò ju ẹ̀wù àwọ̀sókè lọ lára rẹ̀. Kò sí èyí tí kò ní ẹ̀rí lọ́wọ́ nínú àwọn méjèèjì. Òkè-Igbó ni wọ́n ti bí Fágúnwà ní ọdún 1903. Àwọn òbí rẹ̀ ti gba ẹ̀sìn Kírísítẹ́nì. Ó lọ sí kọ́lẹ́ẹ̀jì Andrew Mímọ́ ní Ọ̀yọ́. Ilé ìtẹ̀wé àwọn míṣọ́nnárì C.M.S. ni ó sì gbé Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀ jáde ní ọdún 1938. Ìwé John Bunyan nípa èrò mímọ́, èyí tí Hinderer tí ó ṣiṣẹ́ míṣọ́nnárì ní Ìbàdàn túmọ̀ sí Yorùbá, ti wà nílẹ̀ kí ó tó kọ tirẹ̀, ẹni tí ó bá sì ka méjèèjì yóò rí ipa ẹsẹ̀ ọ̀kan lára èkejì. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a wo apá kejì. Ifá wà nínú orúkọ ìdílé òǹkọ̀wé yìí, Orò sì wà nínú Oròwọlé tí wọ́n sọ ọ́. Àjẹ́ ni ìyá Àkàrà-ogun. Bí ewu bá dé, Àkàrà-ogun lè ké pe Ọlọ́run, ó sì lè lo egbé kí ó bá ara rẹ̀ nílé. Kò sì jọ pé ó rí ìjà kankan láàárín méjèèjì.

Ìbéèrè ìyá àgbà yọ̀ bọ́ láàárín àwọn ìhà méjì yìí. Ta ni ó wà nínú igbó náà? Àgbákò wà níbẹ̀. Ègbin tí òórùn rẹ̀ ń lé ènìyàn wà níbẹ̀. Ẹ̀rù wà níbẹ̀, pẹ̀lú oríṣiríṣi ẹ̀dá abàmì tí ojú wọn kò jọ ti ènìyàn. A kò rí Ọbàtálá láàárín àwọn tí ọdẹ wa bá wọ̀yá ìjà, a kò rí Ṣàngó, a kò rí Ọ̀ṣun. Bẹ́ẹ̀, lẹ́nu àwọn onífá, irúnmọlẹ̀ ni àwọn tí ó ti ìsálú ọ̀run bọ̀ wá tún ilé ayé ṣe. Ẹnikẹ́ni tí ó bá ti gbọ́ ìtàn inú Ọ̀ṣẹ́túrá yóò rántí pé Ọ̀ṣun nìkan ni obìnrin láàárín wọn, pé àwọn ọkùnrin fojú di í, tí gbogbo ohun tí wọ́n dáwọ́ lé sì ń dàrú títí wọ́n fi padà lọ bẹ̀ ẹ́. Ìtàn àwọn tí ó tẹ ìlú dó nìyẹn. Àwọn tí ìyá àgbà mọ̀ nìyẹn, tí ó ń retí pé kí n dárúkọ wọn.

Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ni pé Fágúnwà mú orúkọ irúnmọlẹ̀, ó yọ àwọn tí ó ni orúkọ kúrò, ó sì fi iwin àti ọ̀rọ̀ rọ́pò wọn. Igbó náà yí padà pẹ̀lú. Nínú ẹ̀sìn ìbílẹ̀, igbó lè jẹ́ ojúbọ. Igbódù ni a ti ń tẹ ènìyàn ní Ifá. Igbó Ọ̀ṣun ní Òṣogbo, tí àjọ UNESCO kọ sínú ìwé ogún àjùmọ̀ní gbogbo ayé ní ọdún 2005, kì í ṣe ibi tí ènìyàn ń gbé ìbọn wọ̀ láti dọdẹ. Nínú ìwé Fágúnwà, igbó tí a ń bọ́ bàtà wọ̀ di igbó tí a ń yọ idà wọ̀.

N kò rò pé Fágúnwà jókòó, kí ó ní òun fẹ́ ba òrìṣà jẹ́. Èdè tí ó bá nílẹ̀ ni ó lò, àwọn ẹlòmíràn sì ti tún èdè náà ṣe ṣáájú rẹ̀. Ẹ wo ọ̀rọ̀ tí a fi ń pe ẹni tí kì í ṣe mùsùlùmí tàbí onígbàgbọ́: kèfèrí. Láti inú èdè Lárúbáwá ni ó ti wá, ẹni tí ó kọ òtítọ́ sílẹ̀ ni ó sì túmọ̀ sí. Kò sí abọ̀rìṣà tí ó fún ara rẹ̀ ní orúkọ yẹn. Àwọn Látìn náà ṣe irú rẹ̀: ará oko ni ọ̀rọ̀ paganus túmọ̀ sí lẹ́nu wọn kí àwọn onígbàgbọ́ tó sọ ọ́ di orúkọ abọ̀rìṣà. Nígbà tí Bíṣọ́ọ̀bù Crowther àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń túmọ̀ Bíbélì, tí odindi rẹ̀ jáde ní ọdún 1884, wọ́n yá àlùfáà, wòlíì àti àdúrà lọ́wọ́ àwọn mùsùlùmí, wọ́n sì fi Èṣù pe ọ̀tá Ọlọ́run. Láti ìgbà náà ni ẹni tí ń gbé ẹbọ lọ sọ́run ti di ẹni tí ń gbé ènìyàn lọ sí ọ̀run àpáàdì.

Síbẹ̀, bí òǹkọ̀wé bá ní ẹ̀bùn gidi, àwòrán inú ìwé rẹ̀ lè mọ ohun tí ẹnu rẹ̀ kò sọ. Nínú Igbó Olódùmarè, tí ó jáde ní 1949, Olówó-ayé bá Èṣù-kékeré-òde jà. Orúkọ tí ṣọ́ọ̀ṣì bà jẹ́ ni ẹ̀dá-ìtàn yìí ń jẹ́, ìwà burúkú ni a sì fi wọ̀ ọ́. Ṣùgbọ́n ibo ni a ti bá a? Ní ẹnu ọ̀nà ni, ó ń ṣọ́ àbáwọ igbó tí ó jẹ́ ti Olódùmarè. Ta ni kò mọ̀ pé ẹnu ọ̀nà àti oríta ni ipò Èṣù láti ìbẹ̀rẹ̀? Fágúnwà bú u, ṣùgbọ́n kò gba iṣẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Àwọn kan lè wí pé ọ̀nà àbáyọ ni kí lítíréṣọ̀ wa pa ẹ̀sìn tì pátápátá. A ti gbìyànjú rẹ̀. Ìtàn Sẹ̀gilọlá tí I. B. Thomas gbé jáde nínú ìwé ìròyìn rẹ̀ láàárín 1929 sí 1930 kò ní iwin kankan nínú. Ìlú Èkó, owó àti ọkùnrin ni ó dá lé. Síbẹ̀, Bíbélì àti orin ìsìn kún ẹnu obìnrin náà. Ọladẹ̀jọ Òkédìjí ni ó súnmọ́ ọ̀nà yìí jù, nínú Àjà Ló Lẹrù ní 1969 tí ọ̀daràn jẹ́ ohun ọdẹ, àti nínú Rẹ́rẹ́ Rún ní 1973 tí ìyà àwọn òṣìṣẹ́ jẹ́ kókó. Mo fẹ́ràn àwọn ìwé wọ̀nyí gidigidi. Ṣùgbọ́n ṣíṣàì-dárúkọ òrìṣà kò sọ ẹni tí òrìṣà jẹ́ fún wa.

Ẹni tí ó gbìyànjú láti dá iyì náà padà ni Wọlé Ṣóyínká, èdè Gẹ̀ẹ́sì ni ó sì fi ṣe é. Nígbà tí ó túmọ̀ Ògbójú Ọdẹ ní 1968, ó kọ̀ láti lo ọ̀rọ̀ tí ó túmọ̀ sí ẹ̀mí èṣù, kò sì lo èyí tí ó túmọ̀ sí òrìṣà. Ó mú daemon, bí a ti ń kọ ọ́ nígbà àtijọ́, ó sì ṣàlàyé pé òun fẹ́ kí àwọn ẹ̀dá náà bọ́ lọ́wọ́ èrò tí kò tọ́. Láàárín àwọn Gíríìkì, ẹ̀mí tí ó lè ṣe rere tí ó sì lè ṣe ibi ni ọ̀rọ̀ yìí ń tọ́ka sí kí àwọn onígbàgbọ́ tó sọ ọ́ di ti ibi nìkan. Ohun tí ó ṣe irúnmọlẹ̀ ti ṣe wọn rí. Ohun tí ó dùn mí ni pé ẹni tí kò bá gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, irú ìyá àgbà, kò lè jẹ nínú àtúnṣe náà.

Ní ọjọ́ tí a sin ín, àlùfáà kan gbàdúrà fún àwa ọmọ rẹ̀ pé kí Ọlọ́run má ka ẹ̀ṣẹ̀ kèfèrí tí ó lọ náà sí wa lọ́rùn. A ṣe àmín. Èmi náà ṣe é. Ìwé ti kọ́ mi pé inú igbó ni irúnmọlẹ̀ wà, pé ọdẹ ni ó sì yẹ kí ó bá wọn pàdé. N kò rántí pé ẹni tí ó ń sìn wọ́n ni ó fọ aṣọ tí mo wọ̀ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì.

N kò sọ pé kí a má ka Fágúnwà mọ́. Kò sí ẹni tí ó mú èdè Yorùbá jó bí tirẹ̀, èmi sì ń kà á fún àwọn ọmọ mi báyìí. Ṣùgbọ́n mo máa ń dúró díẹ̀ lórí àkọlé rẹ̀, kí n sọ fún wọn ẹni tí irúnmọlẹ̀ jẹ́, kí n sì dárúkọ wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, Ọ̀ṣun pẹ̀lú, kí a tó wọ inú igbó.